Orí Kẹfà: Gígé Òdòdó Ọgbà sí Àwòrán ní Ọ̀wọ̀ àti Ọ̀sẹ̀

Ẹni tó bá fẹ́ gé òdòdó sí àwòrán níwájú ilé rẹ̀ ní Ọ̀wọ̀, ní Ùtè tàbí ní Ìfọ́n, kó kọ́kọ́ bi ara rẹ̀ léèrè pé ẹ̀ẹ̀melòó ni òun yóò ráyè gé e láàárín oṣù Kẹrin sí oṣù Kẹwàá. Ìdáhùn ìbéèrè yẹn ló ń yan igi, igi ló sì ń yan àwòrán. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ló ń ti òdìkejì bẹ̀rẹ̀. Wọ́n á rí ẹyẹ ọ̀kín tí wọ́n fi ewé gé nínú fóònù, wọ́n á ra òdòdó, wọ́n á pe ẹni tó ní àdá. Kó tó di oṣù Keje, ọ̀kín ti di igbó.

Iṣẹ́ yìí ti pẹ́ láyé. Pliny Kékeré, ará Róòmù tó gbáyé ní nǹkan bí 1,900 ọdún sẹ́yìn, kọ lẹ́tà nípa ọgbà rẹ̀ ní ilẹ̀ Ítálì. Ó ní wọ́n gé igi box tó wà níbẹ̀ sí ẹranko, wọ́n sì gé òmíràn sí lẹ́tà tó ń pe orúkọ olówó ilé àti ti ẹni tó tọ́jú ọgbà. Ní Levens Hall, ní àríwá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ọgbà tí Guillaume Beaumont bẹ̀rẹ̀ sí í tò ní àwọn ọdún 1690 ṣì wà títí di òní, ẹ̀ẹ̀kan lọ́dún sì ni wọ́n ń gé àwọn igi rẹ̀. Igi box àti igi yew tó wà ní ọgbà yẹn kì í yára dàgbà, òtútù ibẹ̀ sì ń fún wọn ní ìsinmi oṣù mélòó kan. Ẹ wá wo Duranta tí òjò oṣù Kẹfà ń rọ̀ lé lórí ní Ọ̀wọ̀: ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ò tíì pé tí ọ̀mùnú rẹ̀ ti bo gbogbo ohun tí ẹ gé. Ìdí nìyí tí ìwé àwọn òyìnbó lórí iṣẹ́ yìí fi máa ń ṣi olùtọ́jú ọgbà tiwa lọ́nà. Mo fẹ́ ká máa wo àwọn ará Tháílándì, tí oòrùn àti òjò tiwọn súnmọ́ tiwa. Igi khoi ni wọ́n ń lò jù, wọ́n á ṣí ẹ̀ka rẹ̀ sílẹ̀, wọ́n á sì gé ewé orí ẹ̀ka kọ̀ọ̀kan ní roboto. Igi tí wọ́n gé sí erin wà ní ààfin Bang Pa-In, nínú ooru àti òjò.

Igi tó gbà kí a gé òun

Duranta aláwọ̀ ìyeyè, tí àwọn tó ń ta òdòdó lẹ́bàá títì ń pè ní yellow bush, ni mo máa ń ní kí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀ gbìn. Kò wọ́n, kì í yan ilẹ̀, ewé rẹ̀ kéré, bí ọwọ́ yín bá sì ṣì í gé, yóò tún hù. Oòrùn ló fẹ́ o. Bí ẹ bá gbìn ín sábẹ́ máńgòrò, àwọ̀ ìyeyè yẹn á parẹ́, ẹ̀ka á máa nà wá ìmọ́lẹ̀, ihò á sì wà láàárín wọn. Ẹ̀ka rẹ̀ la fi ń gbìn ín. Ẹ gé èyí tó gùn tó íńṣì mẹ́fà, tí kò le jù tí kò sì rọ̀ jù, ẹ já ewé ìsàlẹ̀ rẹ̀ kúrò, ẹ ri í sínú náílọ̀n tó kún fún ilẹ̀ dúdú, kí ẹ fi imọ̀ ọ̀pẹ ṣíji bò ó. Bó bá jẹ́ láàárín oṣù Kẹrin sí oṣù Kẹfà, bí oṣù kan ni yóò fi ta gbòǹgbò. Ẹni tó ní sùúrù lè ti ara òdòdó méjì tàbí mẹ́ta tó fowó rà gbin ọgbà gbogbo iwájú ilé. Èso wẹ́wẹ́ tí Duranta ń so ní májèlé, kí ọmọdé má fi sẹ́nu. Èyí tí a bá ń gé déédéé kì í sábà ráyè so ó.

Ixora kì í yára bẹ́ẹ̀, ìyẹn sì dára fún ẹni tí iṣẹ́ kò jẹ́ kó gbélé. Ewé rẹ̀ le, ẹ̀ka rẹ̀ dí. Ṣùgbọ́n ṣóńṣó ẹ̀ka ló ti ń yọ òdòdó, nítorí náà gbogbo ìgbà tí ẹ bá gé e ni ẹ ń gé òdòdó tó fẹ́ yọ. Lójú tèmi, Ixora tí kò bá lè pọ́n kò yẹ kó máa gba àyè lọ́gbà: ẹ jẹ́ kó tan, kí òdòdó rẹ̀ rọ, kí ẹ tó gé e, kí ẹ sì fara mọ́ ọn pé àwòrán rẹ̀ kò ní mọ́ roro. Ohun mìíràn ni pé kò fẹ́ràn ilẹ̀ tó ní ẹfun. Ní agbègbè Òkèlúṣè ní Ọ̀sẹ̀, níbi tí òkúta ẹfun pọ̀ sí nínú ilẹ̀, ewé Ixora lè máa pọ́n rúsúrúsú, kí iṣan ewé nìkan ṣẹ́kù ní tútù, torí pé ẹfun kì í jẹ́ kí gbòǹgbò rí èròjà irin gbà nínú ilẹ̀. Ẹ ò ní láti dé Òkèlúṣè kí ẹ tó rí irú rẹ̀. Ẹ wo ẹ̀bá fẹ́ǹsì tuntun èyíkéyìí tí àwọn bíríkìlà ti da ìyókù sìmẹ́ńtì sí. Bí ibẹ̀ bá wù yín dandan, ẹ fi ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta sílẹ̀ sí ògiri, ẹ hú ilẹ̀ yẹn dànù dé ìwọ̀n orúnkún, kí ẹ fi ilẹ̀ igbó àti ewé jíjẹrà dí i.

Ficus benjamina, ìbátan ọdán, ló dára jù fún àwòrán ńlá, tó ga ju ènìyàn lọ. Ó gba gígé, ó gba títẹ̀, ó sì gba híhun ẹ̀ka mọ́ra. Ìwà ọdán wà lára rẹ̀ náà: gbòǹgbò rẹ̀ ń wá omi kiri, ó sì lè fọ́ ògiri, páìpù àti ṣálángá. Ẹ gbìn ín jìnnà sílé ní ó kéré tán ẹsẹ̀ bàtà 15, tàbí kí ẹ fi sínú ìkòkò sìmẹ́ńtì ńlá kó máa gbé ibẹ̀. Thuja, tí ewé rẹ̀ rí wẹ́wẹ́ tó sì máa ń ṣóńṣó lókè fúnra rẹ̀, kò fẹ́ iṣẹ́ púpọ̀, àmọ́ òfin kan wà fún un: ẹ má gé e wọnú kọjá ibi tí ewé tútù parí sí. Ibi tó bá ti di igi gbígbẹ nínú kì í hù mọ́; ihò tí ẹ bá dá síbẹ̀ á máa wò yín lójú fún ọdún púpọ̀.

Jìnwìnnì àti kúrótọ́ọ̀nù ní ewé ńlá; bí ẹ bá fi àlùmọ́gàjí ńlá gé wọn, ààbọ̀ ewé ni ẹ óò rí, etí rẹ̀ á sì gbẹ. Ẹ fi wọ́n sílẹ̀ kí wọ́n dúró bí Ọlọ́run ṣe dá wọn. Hibiscus jẹ́ oúnjẹ ewúrẹ́, a kì í sì í so ewúrẹ́ mọ́lẹ̀ nílùú wa. Làpálàpá dára fún fífi pààlà oko, kò gba àwòrán. Ní ti akòko àti pèrègún, ẹ má ṣe gbé irin lé wọn láìbéèrè. Èyí tí ẹ bá bá lẹ́nu ọ̀nà ilé àtijọ́ tàbí láàárín ilẹ̀ méjì lè jẹ́ àmì ààlà, ó sì lè jẹ́ pé ojúbọ wà nídìí rẹ̀. Ewé akòko sì nìyí tí a fi ń jẹ oyè. Ẹ lọ bá olórí ẹbí kí ẹ gbọ́ ti ẹnu rẹ̀.

Ọwọ́, irin àti ojú ẹ̀ka

Ṣóńṣó orí ẹ̀ka ló ń jọba lórí àwọn ojú tó wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Èròjà kan ń ti ibẹ̀ ṣàn wá sísàlẹ̀, òun ni kì í jẹ́ kí àwọn ojú yòókù hù. Bí ẹ bá ti gé ṣóńṣó náà, ojú méjì tàbí mẹ́ta á jí lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ̀ka kan á di púpọ̀. Gbogbo ọgbọ́n tó wà nínú kí ọgbà dí wà níbẹ̀. Ẹ má dúró kó ga tó bí ẹ ṣe fẹ́ kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀ sí í gé e. Bí òdòdó tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ gbìn bá ga tó íńṣì mẹ́jọ, ẹ bẹ́ orí rẹ̀. Bó bá tún fi íńṣì mẹ́rin kún un, ẹ gé méjì kúrò, kó máa gòkè bẹ́ẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Ẹni tó bá jẹ́ kó sáré gòkè á ní ọgbà tí orí rẹ̀ kún tí ìdí rẹ̀ ṣófo, ewúrẹ́ á sì máa gba abẹ́ rẹ̀ kọjá.

Ọ̀pọ̀ ilé-ẹ̀kọ́ àti ilé ìjọsìn ló ń fi àdá gé ọgbà. Mo mọ̀ pé ó yá, mo sì mọ ìdí rẹ̀: àdá wà nílé gbogbo wa. Ṣùgbọ́n àdá kì í gé ẹ̀ka tó rọ̀. Ó ń lù ú ni, ó ń là á, ibi tó là náà ni àìsàn ń gbà wọlé, etí ewé á sì pọ́n. Àlùmọ́gàjí ọlọ́wọ́ gígùn méjì ló yẹ fún ojú ọgbà tó tẹ́, àlùmọ́gàjí kékeré ọlọ́wọ́ kan fún ẹ̀ka tó nípọn, ayùn kékeré fún èyí tó ju àtàǹpàkò lọ. Ẹ máa pọ́n wọn. Bí ẹ bá fẹ́ kúrò lára igi tó ń ṣàìsàn lọ sí òmíràn, ẹ fi bílíìṣì tí ẹ ti pò mọ́ omi, ìwọ̀n kan sí mẹ́sàn-án, nu ẹnu irin, kí ẹ fi òróró díẹ̀ pa á lẹ́yìn náà kó má dógùn-ún. Owó irin wọ̀nyí wúwo, òótọ́ ni, ṣùgbọ́n kì í ṣe owó púpọ̀ ló ń bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ yìí. Pearl Fryar, ọmọ Amẹ́ríkà aláwọ̀ dúdú tó sọ iwájú ilé rẹ̀ ní Bishopville, ní South Carolina, di ibi tí àwọn ènìyàn ń ti òkèèrè wá wò, kò lọ ilé-ẹ̀kọ́ kankan fún iṣẹ́ yìí. Ara igi tí ilé ìtajà òdòdó fẹ́ jù nù ló ti bẹ̀rẹ̀ ní àwọn ọdún 1980.

Àwòrán agogo

Ní oṣù Kẹsàn-án, bí ọdún Ìgogo bá dé, ìlù kì í dún ní Ọ̀wọ̀. Agogo ni wọ́n ń lù ní ìrántí Ọ̀rọ̀nsẹ̀n, olorì Ọlọ́wọ̀ Rẹ́rẹ́ngẹ́jẹ̀n. Kí ẹ tó gbé àlùmọ́gàjí, ẹ wo agogo yẹn, kí ẹ dojú rẹ̀ délẹ̀: ẹnu rẹ̀ fẹ̀, orí rẹ̀ sún. Ohunkóhun tí ẹ bá fẹ́ gé, ìdí rẹ̀ gbọ́dọ̀ fẹ̀ ju orí rẹ̀ lọ bẹ́ẹ̀. Oòrùn ló fà á. Bí orí bá yọ síta ju ìdí lọ, yóò ṣíji bo ewé ìsàlẹ̀, ewé tí kò bá sì rí oòrùn á rẹ̀. Ọgbà tó ga tó ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta, ẹ jẹ́ kí ìdí rẹ̀ fẹ̀ tó ẹsẹ̀ bàtà méjì, kí orí rẹ̀ má ju íńṣì 16 lọ. Lójú ẹni tó ń kọjá lọ, yóò dà bíi pé ó dúró ṣánṣán. Ìwọ̀n tí ẹ fi pamọ́ yẹn ni yóò mú un pẹ́.

Ẹ má fi ojú lásán gé e. Okùn tí àwọn bíríkìlà fi ń to búlọ́ọ̀kù ni kí ẹ yá. Ẹ ri igi méjì mọ́lẹ̀ ní ìpẹ̀kun méjèèjì, ẹ na okùn náà ní ibi gíga tí ẹ fẹ́ kí orí ọgbà dé, kí ó le, kí ó má ṣọ̀. Bí ilẹ̀ bá dagun, gẹ́gẹ́ bí ó ti máa ń rí ní ìhà Ìdóàní, ẹ pinnu ṣáájú bóyá ọgbà yóò bá ilẹ̀ gòkè tàbí yóò tẹ́ ní ìpele ìpele. Àbọ̀ọ̀bọ̀ nínú méjèèjì ni kò dára. Láti ìsàlẹ̀ ni kí ẹ ti máa gé lọ sókè, kí èyí tí ẹ gé má baà jókòó sórí èyí tí ẹ kò tíì gé. Ẹ máa fẹ̀yìn rìn sẹ́yìn lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan kí ẹ wò ó láti ojú títì. Ẹni tó bá gbé ojú sún mọ́ ọn láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin yóò gé e wọ́.

Bí ẹ bá fẹ́ kí agogo dá dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ géètì, ẹ gbin Duranta mẹ́ta súnmọ́ra ní igun mẹ́ta, kí ẹ ri ọ̀pá kan sí àárín wọn. Láti orí ọ̀pá náà, ẹ na okùn mẹ́fà wá sílẹ̀ yí ká, kí ẹ so wọ́n mọ́ èèkàn. Ohun tó bá yọ kọjá okùn ni kí ẹ gé, ohun tí kò bá tíì dé okùn ni kí ẹ fi sílẹ̀. Ní ọdún àkọ́kọ́, kò ní jọ ohunkóhun. Àwọn ará ilé á máa fi yín ṣẹ̀fẹ̀. Ní òjò ọdún kejì ni ewé yóò kún ààlà okùn, ẹ lè wá tú okùn dànù nígbà náà, torí ojú yín yóò ti mọ ọ̀nà.

Àwòrán roboto súnmọ́ èyí. Ẹ tẹ irin rọ́ọ̀dù tín-ín-rín kan ní ààbọ̀ òbìrìkìtì, ẹ dì í mú lẹ́gbẹ̀ẹ́ òdòdó, kí ẹ máa gbé e yí i ká bí ẹ ti ń gé. Odó ni àwọn ènìyàn máa ń béèrè jù, torí ìbàdí rẹ̀ tó tín-ín-rín wuyì. Èmi kì í gbà fún wọn. Orí odó yóò ṣíji bo ìbàdí, ìbàdí á sì pá. Bó bá di ọ̀ranyàn, Ficus nìkan ni kí ẹ fi dán an wò, níbi tí oòrùn òwúrọ̀ àti tìrọ̀lẹ́ ti lè rí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, kí ẹ sì jẹ́ kí orí rẹ̀ kéré ju ìdí lọ.

Ní ti ẹranko, àwọn ará Ọ̀wọ̀ ti ní olùkọ́ tiwọn. Láàárín 1969 sí 1971, awalẹ̀pìtàn Ekpo Eyo wú àwọn ère amọ̀ jáde ní Igbó Lájà, ní Ọ̀wọ̀, wọ́n sì ti wà láti nǹkan bí ọ̀rúndún kẹẹ̀ẹ́dógún. Ẹkùn kan wà nínú wọn tó ń jẹ ẹsẹ̀ ènìyàn. Ohun tí ère irú rẹ̀ fi ń kọ́ni ni pé orí, ẹ̀yìn àti ẹsẹ̀ ẹranko gbọ́dọ̀ hàn láti òkèèrè kí ẹnikẹ́ni tó bẹ̀rẹ̀ sí í wá irùngbọ̀n. Ewé kò lè ya irùngbọ̀n ẹkùn. Ẹ fi irin rọ́ọ̀dù ṣe egungun rẹ̀, ẹ fi waya tí àwọn bíríkìlà fi ń di irin dì í pọ̀, ẹ gbé e lé orí Ficus mẹ́rin tí ẹ gbìn síbi ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, kí ẹ máa so ẹ̀ka mọ́ irin bí wọ́n ti ń gòkè. Ẹ máa tú okùn náà lóṣooṣù kí ẹ tún un so, kó má baà fún ẹ̀ka lọ́rùn. Ìrù ni yóò kẹ́yìn, òun náà ló sì máa ń kọ́kọ́ bàjẹ́. Ọ̀pọ̀ ẹkùn inú ọgbà ló dára jù láìsí ìrù.

Òjò, ọyẹ́ àti ọdún

Bí òjò bá ti fìdí múlẹ̀ ní oṣù Kẹrin, ẹ lè gé ohun tó bá wù yín, kódà èyí tó jinlẹ̀. Láti oṣù Karùn-ún sí oṣù Keje, Duranta fẹ́ kí ẹ kàn án lára ní ọ̀sẹ̀ méjì sí mẹ́ta, Ficus ní bí oṣù kan sí oṣù kan àbọ̀. Ìsinmi òjò inú oṣù Kẹjọ ni àsìkò tó dára jù láti tún okùn nà, kí ẹ sì wo ibi tí ọwọ́ ti wọ́. Ẹni tí àlejò yóò wá bá ṣe ọdún Ìgogo, kó gé ọgbà rẹ̀ ní bí ọjọ́ mẹ́wàá ṣáájú. Ewé tí irin ṣẹ̀ṣẹ̀ kọjá lára rẹ̀ lánàá máa ń ní etí funfun tí kò wuyì. Lẹ́yìn àárín oṣù Kẹwàá, ẹ dáwọ́ gígé jíjinlẹ̀ dúró. Ọ̀mùnú tó bá yọ lẹ́yìn ìgbà náà kò ní tíì le kí ọyẹ́ tó dé, ọyẹ́ á sì jó o. Láti oṣù Kejìlá sí oṣù Kejì, ẹ kàn máa já ẹyọ tó bá yọ kúrò láàárín ni, ní ìrọ̀lẹ́, kí ẹ sì bomi rin ìdí rẹ̀.

Gígé léraléra ń jẹ igi lára, nítorí náà ó yẹ kó jẹun. Ìgbẹ́ adìẹ tó ti jẹrà fún oṣù mélòó kan ló dára jù; tútù rẹ̀ ń jó gbòǹgbò. Ẹ wọ́n ọn yí ká ní ìbẹ̀rẹ̀ òjò, kó má kan ìdí igi. Ewé tí ẹ gé lè padà sórí ilẹ̀ láti bò ó, àmọ́ bí ẹ̀ẹ̀rùn bá dé, ẹ fà á jìnnà sí ìdí igi, ikán fẹ́ràn irú ibẹ̀.

Kí irin tó kan ewé, ẹ fi ọ̀pá gígùn gbọn ọgbà náà kí ẹ sì sún sẹ́yìn. Agbọ́n máa ń kọ́lé sínú Duranta tó dí, ejò sì ń sá fún oòrùn lọ sábẹ́ rẹ̀. Oje Ficus àti ti kúrótọ́ọ̀nù lè mú ara yún, kò sì gbọdọ̀ kan ojú. Ẹ má gun àkàbà gé ohunkóhun tó wà nítòsí waya iná.

Ọgbà tí a ti pa tì fún ọdún púpọ̀, tó ti ga ju fèrèsé lọ tí inú rẹ̀ sì ti di igi gbígbẹ, kò ní kí ẹ wú u. Ní oṣù Kẹrin, ẹ gé ẹ̀gbẹ́ kan ṣoṣo wọlé títí dé ìtòsí igi ìdí, ẹ fi ẹ̀gbẹ́ kejì sílẹ̀ bó ṣe wà kó máa fi ewé rẹ̀ bọ́ gbòǹgbò. Ó máa burú lójú; ẹ sọ fún baálé ilé ṣáájú, kó má baà rò pé ẹ ti ba tirẹ̀ jẹ́. Ní oṣù Kẹrin ọdún tó tẹ̀ lé e, bí ẹ̀gbẹ́ àkọ́kọ́ bá ti kún fún ẹ̀ka tuntun, ẹ wá gé èkejì. Duranta, Ixora àti Ficus yóò gbà fún yín. Bó bá jẹ́ Thuja ni, ẹ hú u, kí ẹ gbin òmíràn.